Ràkúnmí, Ìbákasíẹ àti Ojú Abẹ́rẹ́: Ìtumọ̀ Inú Ìwé àti Ìtumọ̀ Ẹnu

Bí akẹ́kọ̀ọ́ bá ṣí ìwé atúmọ̀ èdè láti wá *ràkúnmí*, ìdáhùn ọ̀rọ̀ kan ni yóò bá níbẹ̀. Bí ó bá wá *ìbákasíẹ*, ìdáhùn kan náà ni yóò tún bá pàdé. Ìwé náà kò parọ́, nítorí ẹranko kan ṣoṣo ni ọ̀rọ̀ méjèèjì ń tọ́ka sí. Ṣùgbọ́n ẹni tí ó bá ti ibẹ̀ parí èrò sí pé ọ̀kan lè rọ́pò èkejì níbi gbogbo yóò ṣìnà nínú lítíréṣọ̀, yóò sì ṣìnà jù bẹ́ẹ̀ lọ nínú aáyan ògbufọ̀. Ìwé atúmọ̀ a máa sọ ohun tí ọ̀rọ̀ ń jẹ́. Kì í sábà sọ ibi tí ọ̀rọ̀ ń gbé.

*Ràkúnmí* jẹ́ ọ̀rọ̀ àyálò láti inú èdè Hausa, *raƙumi*. Èyí kò yani lẹ́nu. Ẹran náà kì í ṣe ẹran ilẹ̀ igbó. Eṣinṣin tí ń gbé àrùn oorun kiri kì í jẹ́ kí ó pẹ́ láyé níbẹ̀. Ìhà Sókótó, Kàtínà, Kánò àti Borno ni ó ti mọ́ àwọn ènìyàn lára. Èyí tí ó bá dé ilẹ̀ Yorùbá, ọwọ́ àwọn oníṣòwò ni ó bá dé, pàápàá nígbà ọdún Iléyá, orúkọ rẹ̀ sì tẹ̀lé e wá. Àwọn Hausa tí wọ́n ni ẹran ni ó ni ọ̀rọ̀ púpọ̀ lórí rẹ̀. *Taguwa* ni abo rẹ̀. *Akala* ni okùn tí wọ́n fi ń fà á nímú, wọ́n sì máa ń fi ẹni tí kì í jiyàn sí àṣẹ wé ràkúnmí tí ó wà lẹ́nu *akala*. *Raƙumin dawa*, èyí nì ràkúnmí inú ìgbẹ́, ni wọ́n sì ń pe àgùnfọn. Yorùbá kò tẹ̀lé wọn dé ibẹ̀. Àgùnfọn ní orúkọ tirẹ̀. Orúkọ ni Yorùbá yá, wọn kò yá agbo ilé ọ̀rọ̀ náà.

Ilé *ìbákasíẹ* yàtọ̀. Inú Bíbélì Mímọ́, èyí tí odindi rẹ̀ jáde ní èdè Yorùbá ní 1884, ni ọ̀pọ̀ òǹkàwé ti mọ̀ ọ́n, níbi tí ìránṣẹ́ Ábúráhámù ti fi mẹ́wàá rìnrìn àjò lọ wá ìyàwó fún Ísáákì. Láti ìgbà náà, ṣọ́ọ̀ṣì ni ọ̀rọ̀ náà ń gbé. Bí òǹkọ̀wé eré-onítàn bá fi í sẹ́nu wòlíì, ó bá a mu rẹ́gí. Bí ó bá fi í sẹ́nu alápatà ní ọjà ẹran, ohùn oníwàásù ni òǹwòran yóò gbọ́, ẹ̀dá-ìtàn náà yóò sì dà bí ẹni tí ó wọ aṣọ aláṣọ.

Ojú abẹ́rẹ́ ni ọ̀rọ̀ méjèèjì ti pàdé. Nínú Mátíù, Máàkù àti Lúùkù, ìbákasíẹ àti ojú abẹ́rẹ́ ni a fi ṣe àfiwé ìṣòro ọlọ́rọ̀ láti wọ ìjọba Ọlọ́run. Nínú Àlùkùránì, Súrà keje, áyà 40, àwọn tí ó pe àmì Ọlọ́run ní irọ́ tí wọ́n sì gbéraga sí i kò ní wọ ọgbà ìdẹ̀ra, àfi bí ràkúnmí bá gba ojú abẹ́rẹ́ kọjá. Ẹni tí a ń bá wí yàtọ̀, ọnà èdè kan náà ni: àsọdùn tí ń fi ohun tí kò lè ṣeé ṣe hàn. Síbẹ̀, ọmọ tí ó ti ilé kéú wá lè ka *ìbákasíẹ* nínú àyọkà ìdánwò kí ó má mọ̀ pé ràkúnmí tí òun ti mọ̀ tẹ́lẹ̀ ni. Máàkì tí ó pàdánù níbẹ̀ kì í ṣe ti àìgbọ́n. Ìwé atúmọ̀ ni kò sọ fún un pé ilé méjì ni ẹran kan náà ń gbé.

Àwọn onímọ̀ Lárúbáwá pàápàá ti jiyàn lórí ọ̀rọ̀ yìí. Kọ́ńsónáǹtì mẹ́ta náà, *j-m-l*, lè jẹ́ ràkúnmí tàbí okùn ńlá inú ọkọ̀ ojú omi, gẹ́gẹ́ bí a bá ti pè é. Ibn Abbas ni wọ́n sọ pé ó kà á sí okùn. Lóòótọ́, okùn bá abẹ́rẹ́ tan ju ẹran lọ. Ṣùgbọ́n àsọdùn kì í wá ohun tí ó báni tan. Títóbi ẹran náà gan-an ni agbára ọ̀rọ̀ náà.

Àkànlò èdè Gẹ̀ẹ́sì ni ó ń kó olùdánwò sí wàhálà jù. Àwọn Gẹ̀ẹ́sì a máa kìlọ̀ nípa ràkúnmí tí ó kọ́kọ́ ti imú bọ inú àgọ́. Kí ni olùdánwò ń wá lọ sínú àgọ́ aṣálẹ̀, nígbà tí Yorùbá ti ní díẹ̀díẹ̀ ni imú ẹlẹ́dẹ̀ fi ń wọ ọgbà? Wọ́n tún máa ń sọ̀rọ̀ koríko kan ṣoṣo tí ó ṣẹ́ ràkúnmí lẹ́yìn; ọ̀rọ̀ tí ó ti kọjá ìfaradà ni wọ́n ń wí. Èyí tí ó léwu jù ni ti èdè ìgboro wọn. Orúkọ tí wọ́n ń pe iké ràkúnmí náà ni wọ́n fi ń sọ pé ènìyàn fajú ro. Olùdánwò tí ó bá gbára lé ìwé atúmọ̀ yóò kọ ọ́ pé ọkùnrin náà ti yọ iké, òǹkàwé Yorùbá yóò sì rí abuké, ẹni òrìṣà, tí Ọbàtálá ni ín. Inú tí ń bí ènìyàn lásán ti di àwọ̀ tí a dá mọ́ ọn.

Nítorí náà, kí olùkọ́ má ṣe dúró lórí ohun tí ọ̀rọ̀ ń jẹ́. Ìbéèrè mẹ́ta ni ó yẹ kí akẹ́kọ̀ọ́ máa bi ọ̀rọ̀: níbo ni ó ti wá, ẹnu ta ni ó ń gbé, kí sì ni àwọn tí ó ni ín ń fi í wé? Ìwé atúmọ̀ tí ó bá dáhùn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta ni ó tó gbára lé. Títí irú rẹ̀ yóò fi pọ̀, ẹnu olùkọ́ ni akẹ́kọ̀ọ́ yóò ti gbọ́ ọ.