Agbára Ìró nínú Ìwé Ọ̀mùtí ti Tutùọlá

Láti ọdún 1952 tí ìwé Amos Tutùọlá, The Palm-Wine Drinkard, ti jáde ní Lọ́ńdọ̀nù ni àríyànjiyàn ti wà lórí rẹ̀. Dylan Thomas, akéwì ará Wales, yìn ín nínú ìwé ìròyìn Observer lọ́dún náà gan-an. Ojú sì ti ọ̀pọ̀ ọ̀mọ̀wé nílé nítorí irú Gẹ̀ẹ́sì tí a fi kọ ọ́. Ṣùgbọ́n ẹ̀sùn kan wà tí kì í wọ́n lẹ́nu ayìnwé àti abuwé: pé ìtàn náà kò ní ètò, pé ńṣe ni òǹkọ̀wé ń to ìrìn-àjò lé ìrìn-àjò bí ẹni ń sin ìlẹ̀kẹ̀. Ẹ̀sùn náà kò fẹsẹ̀ múlẹ̀ tó bí a ti rò. Ẹni tí ó bá fi etí ka ìwé yìí, tí kò fi ojú nìkan kà á, yóò rí okùn kan tí ó so àwọn apá rẹ̀ pọ̀. Ìró ni okùn náà.

Ẹ̀ẹ̀mejì ni Ìlù, Orin àti Ijó yọjú nínú ìtàn náà gẹ́gẹ́ bí ẹ̀dá abẹ̀mí mẹ́ta. Ní ìgbà kìn-ín-ní, Ọ̀mùtí àti aya rẹ̀ ru ọmọ abara-ààbọ̀ kan tí ó ti di ẹrù sí wọn lórí. Ìlù lu ara rẹ̀ bí ẹni pé àádọ́ta ọkùnrin ni ó ń lù ú. Orin kọ bí ẹni pé ọgọ́rùn-ún ènìyàn ni ó jùmọ̀ ń kọ ọ́. Ọmọ náà sọ̀ kalẹ̀, ó bá wọn lọ, wọn kò sì rí i mọ́. Àwọn òbí rẹ̀ pẹ̀lú jó tẹ̀lé wọn fún ọjọ́ márùn-ún gbáko láìjẹun, láìdúró. Wọn kò fẹ́ lọ. Tutùọlá tilẹ̀ rí i pé ó yẹ kí òun tẹnu mọ́ èyí. Ìró yìí ń gba ìfẹ́-inú ènìyàn lọ́wọ́ rẹ̀, ó sì ń jẹ ọjọ́ mọ́ ọn lójú. Ẹni tí ó bá ti bá ìlù eégún kiri ìlú rí títí ilẹ̀ fi ṣú mọ́ ọn lórí kò ní pe èyí ní àlá lásán.

Ìgbà kejì ni ọ̀rọ̀ náà jinlẹ̀. Ní ọjọ́ àríyá àwọn ará Ìlú Pupa, bí Ìlù ti bẹ̀rẹ̀ ni àwọn tí wọ́n ti kú láti ọgọ́rọ̀ọ̀rún ọdún dìde wá wò ó. Ẹranko ilé àti ti ìgbẹ́ wá nítorí Orin. Àwọn ẹ̀dá orí òkè àti inú odò wá nítorí Ijó. (Ejò ni ó mọ ijó jó jù lọ níbẹ̀, Tutùọlá kì í gbàgbé ẹ̀rín.) Fún ọjọ́ méjì kò sí ẹni tí ó lè dúró. Lẹ́yìn náà Ìlù lu ara rẹ̀ dé ọ̀run kí ó tó mọ̀, Orin kọrin wọ odò, Ijó sì jó títí ó fi di òkè. Àwọn òkú padà sí ibojì, wọn kò sì lè dìde mọ́ láti ọjọ́ náà.

Gbólóhùn ìkẹyìn yìí ni òǹkàwé sábà máa ń fò kọjá. Bẹ́ẹ̀ ìtàn adẹ́mu tí Ọ̀mùtí ń wá kiri ni ó ń bọ̀ lẹ́yìn rẹ̀. Nígbà tí ó dé Ìlú Àwọn Òkú, adẹ́mu náà sọ fún un pé òkú kò lè bá alààyè gbé. Ìdí rẹ̀? Ilẹ̀kùn tí ìlù ṣí ti tì kí Ọ̀mùtí tó débẹ̀, ó sì wà níbẹ̀, ó ń jó, nígbà tí ó tì. Tutùọlá kò tọ́ka sí ìsopọ̀ náà, ó sì ṣeé ṣe kí ó máà ní in lọ́kàn. Ṣùgbọ́n ó wà nínú ìwé, ó sì sọ ìrìn-àjò tí a pè ní aláìlétò di ìtàn àdánù.

Níbi kan ni ó ti kùnà. Ìlù Yorùbá a máa fọhùn. Dùndún a máa ki ènìyàn, a máa pe baba rẹ̀ tí ó ti kú lórúkọ, nípa bẹ́ẹ̀ ni ó sì fi ń jí ohun àtijọ́ dìde lọ́kàn olùgbọ́. Òkú tí ó gbọ́ oríkì ara rẹ̀ ní ìdí láti dìde. Ṣùgbọ́n Ìlù Tutùọlá kò sọ ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo. Àádọ́ta ọkùnrin ni a fún wa. Iye ni ó fi rọ́pò ọ̀rọ̀. Gẹ̀ẹ́sì kò ní ohùn òkè àti ohùn ìsàlẹ̀ tí ìlù lè fi sọ̀rọ̀, òótọ́ ni. Síbẹ̀ kò sí ẹni tí ó ní kí ó má fi ẹyọ gbólóhùn Yorùbá kan sílẹ̀ bí ó ti wà. Fágúnwà, tí ó fi Yorùbá kọ tirẹ̀ ní 1938, kò bá irú ìṣòro yìí pàdé.

Ó ṣe dáadáa jù bẹ́ẹ̀ lọ nínú My Life in the Bush of Ghosts, ní 1954. Níbẹ̀ ni iwin kan ti fi ọmọdékùnrin sínú igi oníhò pẹ̀lú ejò, tí igbe ẹ̀rù rẹ̀ sì di orin aládùn tí àwọn iwin ń jó sí. Níbẹ̀ náà ni ẹ̀gbọ́n rẹ̀ kò ti mọ̀ ọ́n mọ́ lẹ́yìn ọdún 24 nínú igbó. Orin ìgbà èwe wọn, tí orúkọ ẹ̀gbọ́n wà nínú rẹ̀, ni ó sọ ẹrú di àbúrò. Ohun tí Ìlù kò ṣe ni orin yìí ṣe: ó pe ènìyàn lórúkọ.

Kọ́lá Ògúnmọ́lá gbé Ọ̀mùtí sórí ìtàgé ní Yunifásítì Ìbàdàn ní 1963, ní èdè Yorùbá, pẹ̀lú ìlù gidi. Àwọn olùwòran gbọ́ ohun tí ìwé kò lè fún wọn. Ṣùgbọ́n Ògúnmọ́lá sọ gbogbo ìrìn-àjò náà di àlá ọ̀mùtí tí ó sùn lọ. Nígbà tí Láńkẹ́ bá jí, kò sí òkú tí ó padà sí ibojì, kò sì sí ilẹ̀kùn tí ó tì.