Òkùnkùn àti Ìmọ́lẹ̀ nínú Àwòrán Bradford Young: Àyẹ̀wò Fíìmù Mother of George

Ní ọdún 2013, àjọ̀dún fíìmù Sundance ní Amẹ́ríkà fún Bradford Young ní ẹ̀bùn ayàwòrán fíìmù. Mother of George, tí Andrew Dosunmu darí, wà lára iṣẹ́ méjì tó gbà á fún. Ìtàn tọkọtaya Yorùbá ní Brooklyn ni. Lọ́jọ́ ìgbéyàwó ni ìyá ọkọ ti sọ ọmọ tí ẹnikẹ́ni kò tíì lóyún rẹ̀ ní George. Oyún ọ̀hún kò sì dé.

Ẹni tó bá ka àwòrán Young sí ẹwà lásán kò wò ó dénú. Kì í da iná bo àwọ̀ dúdú kí ó tó hàn. Òkùnkùn ló fi yí i ká, tí ìmọ́lẹ̀ díẹ̀ ń tàn lára ẹ̀rẹ̀kẹ́ àti ìlẹ̀kẹ̀. Léraléra ni ojú Adénìkẹ́, ìyàwó, ń hàn ketekete, tí àwọn yòókù ń di bàìbàì lẹ́yìn rẹ̀, tàbí kí etí àwòrán gé wọn sí ìdajì. Bí ayé ṣe rí fún obìnrin tí a ń pè ní àgàn nìyẹn: èrò yí i ká, síbẹ̀ òun nìkan ló wà.

Àléébù rẹ̀ kò ju ọ̀kan lọ lójú tiwa. Níbi tí ìyá ọkọ (olóògbé Bukky Ajayi ló ṣe é, ó sì ṣe é dójú àmì) ti dábàá pé kí ìyàwó lọ bá àbúrò ọkọ rẹ̀ lò pọ̀, aṣọ àti àwọ̀ fẹ́rẹ̀ẹ́ gba ojú òǹwòran. Ọ̀rọ̀ tó lè tú ilé ká ni. Kò yẹ kí aṣọ bá a du ojú wa.